Ọkọ̀ abẹ́ omi tí kò gbọdọ̀ kúrò lẹ́nu iṣẹ́: ohun tó yẹ ká mọ̀ nípa Trident

Ní oṣù kẹta ọdún 2025, ọkọ̀ abẹ́ omi kan padà sí Faslane, èbúté àwọn ọmọ ogun ojú omi Ìlú Ọba ní ìwọ̀-oòrùn Scotland. Ewé òkun ti hù mọ́ ọn lára, àwọn ẹ̀dá oníkarawun kéékèèké sì ti lẹ̀ mọ́ irin rẹ̀. Ẹni tó bá rí fọ́tò rẹ̀ á rò pé ọkọ̀ tó rì láyé ọjọ́un ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fà jáde. Kò rì. Ẹnu iṣẹ́ ló ti ń bọ̀. Ìròyìn sọ pé ọjọ́ 204 ló lò kó tó padà wálé, àwọn tó sì wà nínú rẹ̀, tí wọ́n lé ní ọgọ́rùn-ún, kò fojú kan oòrùn, wọn ò sì gbọ́ ohùn ìyàwó, ọkọ tàbí ọmọ wọn ní gbogbo àsìkò yẹn. Olóòtú ìjọba, Keir Starmer, fúnra rẹ̀ lọ kí wọn káàbọ̀.

Oṣù méjì sí mẹ́ta ni irú ìrìn àjò bẹ́ẹ̀ máa ń gbà tẹ́lẹ̀. Kí ló wá sọ ọ́ di oṣù mẹ́fà àti jù bẹ́ẹ̀ lọ? Ọ̀rọ̀ náà kan àwa Yorùbá ju bí a ṣe rò lọ. Àwọn èèyàn wa tó ń gbé London, Manchester àti Birmingham kì í ṣe kékeré, owó orí wọn wà nínú owó tí wọ́n fi ń tọ́jú ọkọ̀ yẹn. Ọmọ Nàìjíríà tó sì ń gbé Ìlú Ọba lọ́nà tó bófin mu lẹ́tọ̀ọ́ láti dìbò yan ọmọ ilé aṣòfin wọn, torí pé Nàìjíríà wà nínú Commonwealth. Ìbò yẹn ló ń gbé ẹni tó máa pàṣẹ lórí ohun tó wà nínú ọkọ̀ náà dé ipò.

Ohun tó wà nínú rẹ̀ ni mísáìlì Trident. Ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn gùn tó mítà 13, ó wúwo tó nǹkan bí tọ́ọ̀nù 58, ó sì lè rìn ju 7,000 kìlómítà lọ. Àdó olóró núkílíà ló wà lórí rẹ̀, ó sì lè gbé ju ẹyọ kan lọ, kí ọ̀kọ̀ọ̀kan já sí ibi tirẹ̀. Ìjọba kì í sọ bí àdó kọ̀ọ̀kan ṣe lágbára tó, àmọ́ àwọn onímọ̀ fojú bù ú pé ó tó ìlọ́po mẹ́fà tàbí méje èyí tó pa Hiroshima run ní 1945.

Ìdí tí wọ́n fi ń kó irú nǹkan bẹ́ẹ̀ lọ sábẹ́ òkun kò le. Ibi tí mísáìlì orí ilẹ̀ wà, ọ̀tá mọ̀ ọ́n, ó sì lè kọ́kọ́ lù ú. Pápákọ̀ òfurufú náà ò ṣeé gbé pamọ́. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ abẹ́ omi tó ń rìn jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́ nínú Atlantic dà bí ọdẹ tó ti gun ẹ̀gùn rẹ̀ ní òru, tí kò tan fìtílà, tí kò wúkọ́. Ọ̀tá lè sun gbogbo Ìlú Ọba di eérú, ọdẹ yẹn á ṣì wà níbẹ̀, á sì ta ìbọn rẹ̀. Nítorí náà, kí ọ̀tá má dán an wò rárá. Gbogbo ètò náà dúró lórí pé ó gbọ́dọ̀ máa wà níbẹ̀ nígbà gbogbo: lọ́sàn-án, lóru, lọ́jọ́ Kérésìmesì. Láti oṣù kẹrin ọdún 1969 ni ọkọ̀ Ìlú Ọba kan, ó kéré tán, ti ń wà lábẹ́ òkun láìdáwọ́ dúró.

Bí mísáìlì ṣe dé abẹ́ omi

Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì ni àwọn Jámánì kọ́kọ́ ní in lọ́kàn láti ki rọ́kẹ́ẹ̀tì V-2 sínú àpótí irin ńlá, kí ọkọ̀ abẹ́ omi wọn máa wọ́ ọ lẹ́yìn lọ dé ìtòsí Amẹ́ríkà. Ogun parí kí wọ́n tó lè lò ó. Àwọn Soviet ló kọ́kọ́ ṣe é yọrí. Ní ọjọ́ 16 oṣù kẹsàn-án ọdún 1955, nínú Òkun Funfun ní àríwá Rọ́ṣíà, ọkọ̀ abẹ́ omi B-67 yin mísáìlì R-11FM sókè. Àṣìṣe ètò náà ni pé ọkọ̀ ní láti jáde sójú omi kó tó lè yin ín, mísáìlì náà ò sì lè rìn ju nǹkan bí 150 kìlómítà lọ. Ọdẹ tó gbọ́dọ̀ sọ̀ kalẹ̀ lórí ẹ̀gùn kó tó yìnbọn, kí ló wá gun ẹ̀gùn fún?

Epo ni ìṣòro tó tóbi jù. Epo olómi ni rọ́kẹ́ẹ̀tì ayé ìgbà náà ń lò, èyí tó máa ń jó, tó ń bú gbàmù, tó sì ń jẹ irin. Kò sí ọlọ́pọlọ tó máa fẹ́ sùn ti irú nǹkan bẹ́ẹ̀ nínú ọkọ̀ tí kò ní fèrèsé. Ètò àkọ́kọ́ àwọn ọmọ ogun ojú omi Amẹ́ríkà ni láti gbé Jupiter, mísáìlì ńlá kan tó ń lo epo olómi, sínú ọkọ̀. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn ọdún 1956, níbi ìpàdé kan tí wọ́n ń pè ní Nobska, onímọ̀ físíìsì Edward Teller sọ fún wọn pé láàárín ọdún mélòó kan, òun àti àwọn ẹgbẹ́ òun á lè ṣe àdó núkílíà tó kéré gan-an sí ti tẹ́lẹ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn yí gbogbo nǹkan padà. Bí àdó bá kéré, mísáìlì á kéré. Bí mísáìlì bá kéré, epo gbígbẹ, tó le bíi rọ́bà, á tó gbé e. Wọ́n pa Jupiter tì, wọ́n kọjú sí Polaris. Ọ̀gágun William Raborn ló darí iṣẹ́ náà, wọ́n sì fún un láṣẹ tí kò wọ́pọ̀.

Wọn ò ráyè kan ọkọ̀ tuntun láti ìpìlẹ̀. Ọkọ̀ abẹ́ omi kan tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í kàn, tó yẹ kó máa jẹ́ Scorpion, ni wọ́n gé sí méjì láàárín, wọ́n wá fi irin tó gùn tó nǹkan bí mítà 40 há a láàárín, bí télọ̀ ṣe ń fi aṣọ kún ẹ̀gbẹ́ bùbá tó ti há. Inú irin yẹn ni ihò mísáìlì 16 wà. Wọ́n sọ ọkọ̀ náà ní George Washington. Ní ọjọ́ 20 oṣù keje ọdún 1960, nítòsí Cape Canaveral ní Florida, ó yin Polaris méjì láti abẹ́ omi, méjèèjì sì lọ geere. Nígbà tó fi di oṣù kọkànlá ọdún yẹn, ó ti kó mísáìlì 16 wọ òkun lọ ṣọ́ ogun. Ọdún mẹ́rin péré ló wà láàárín ọ̀rọ̀ Teller àti ọjọ́ yẹn. Mi ò tíì rí iṣẹ́ ìjọba tó yára tó bẹ́ẹ̀, bí ó tilẹ̀ ń dùn mí pé ohun ìjà ni wọ́n fi gbogbo làákàyè yẹn ṣe.

Bí wọ́n ṣe ń yin ín kò yí padà púpọ̀ láti ìgbà náà. Iná kì í kọ́kọ́ ràn nínú ọkọ̀. Afẹ́fẹ́ gbígbóná ni wọ́n fi ń ti mísáìlì jáde látinú ihò rẹ̀, bí ìgbà tí òkúta bá fò jáde nínú kànnàkànnà, á la omi kọjá, á yọ síta, ibẹ̀ niná á ti gbà á. Ipele mẹ́ta ni ẹ́ńjìnnì Trident, ọ̀kan á jó tán, á já sílẹ̀, èkejì á gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Nígbà tó bá ti kúrò nínú afẹ́fẹ́ ayé, á wo ìràwọ̀ láti mọ̀ bóyá ó ti ṣìnà, á sì tún ọ̀nà rẹ̀ ṣe, bí àwọn atukọ̀ àtijọ́ ti ń ṣe. Láti ìgbà tó bá jáde dé ìgbà tó bá balẹ̀, ó lè máà tó ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Àwọn àgbà ní ogun àgbọ́tẹ́lẹ̀ kì í pa arọ. Èyí kì í jẹ́ kí ẹlẹ́sẹ̀ méjì pàápàá gbọ́ ọ tẹ́lẹ̀.

Àwọn tó ti fara gbá a

Orí epo olómi ni àwọn Soviet dúró sí fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ní ọjọ́ 3 oṣù kẹwàá ọdún 1986, ọkọ̀ K-219 wà nínú Atlantic, nítòsí Bermuda, nígbà tí omi òkun wọ inú ihò mísáìlì kan, tó pàdé epo, tó sì bú gbàmù. Èéfín olóró gba inú ọkọ̀ kan. Ó di dandan kí wọ́n pa ẹ̀rọ núkílíà tó ń mú ọkọ̀ náà rìn, ohun tó yẹ kó pa á fúnra rẹ̀ ti kọ iṣẹ́, àfi kí ẹnì kan wọlé lọ fi ọwọ́ pa á. Sergei Preminin, ọmọ ogún ọdún, ló wọlé. Ooru ibẹ̀ kọjá àfaradà. Ó pa ẹ̀rọ náà, ṣùgbọ́n nígbà tó fẹ́ jáde, ìlẹ̀kùn kò ṣí mọ́, torí afẹ́fẹ́ inú yàrá kejì ti fún un pa. Ibẹ̀ ló kú sí. Ọjọ́ kẹta lẹ́yìn ìbúgbàù náà, K-219 rì tòun tàwọn mísáìlì rẹ̀, wọ́n sì wà nísàlẹ̀ òkun tó jìn ju 5,000 mítà lọ títí dòní. Mo ń dárúkọ Preminin torí pé nígbà tí àwọn olóṣèlú bá ń sọ̀rọ̀ nípa ohun ìjà yìí, a kì í gbọ́ orúkọ irú àwọn bẹ́ẹ̀.

Dídákẹ́ rọ́rọ́ náà ní ewu tirẹ̀. Ní oṣù kejì ọdún 2009, HMS Vanguard ti Ìlú Ọba àti Le Triomphant ti Faransé forí sọ ara wọn lábẹ́ Atlantic. Orílẹ̀-èdè méjèèjì jẹ́ ọ̀rẹ́, ọkọ̀ méjèèjì ló máa ń gbé mísáìlì núkílíà, òkun sì fẹ̀ lọ salalu. Síbẹ̀ wọ́n kọ lu ara wọn, torí pé kò sí èyí tó gbọ́ ìró ìkejì, kò sì sí ìjọba tó máa ń sọ ibi tí ọkọ̀ rẹ̀ wà fún ẹnikẹ́ni. Ẹnikẹ́ni ò kú. Fún ọjọ́ mélòó kan, àwọn Faransé rò pé nǹkan kan tó ń léfòó lábẹ́ omi, bíi kọ̀ǹténà, làwọn kọ lù.

Ti ara wọn, àbí ti Amẹ́ríkà?

Ìlú Ọba kọ́ ló ṣe mísáìlì yìí. Ní ìparí ọdún 1962, Amẹ́ríkà fagi lé Skybolt, mísáìlì ojú òfurufú tí Ìlú Ọba ti gbẹ́kẹ̀ lé. Harold Macmillan, olóòtú ìjọba Ìlú Ọba nígbà náà, sáré lọ bá John Kennedy, ààrẹ Amẹ́ríkà, ní Nassau, ní erékùṣù Bahamas, ó sì bẹ̀bẹ̀ títí Kennedy fi gbà láti ta Polaris fún un. Wọ́n fọwọ́ sí ìwé rẹ̀ ní oṣù kẹrin ọdún 1963. Ní 1968, HMS Resolution bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Nígbà ayé Margaret Thatcher ni wọ́n pinnu láti fi Trident rọ́pò Polaris, tí ọkọ̀ mẹ́rin tuntun, Vanguard, Victorious, Vigilant àti Vengeance, sì bẹ̀rẹ̀ sí í gbé e láti 1994.

Títí dòní, ibùdó Kings Bay ní ìpínlẹ̀ Georgia, l'Amẹ́ríkà, ni ọkọ̀ Ìlú Ọba ti ń lọ gbé mísáìlì. Àpapọ̀ ni àwọn orílẹ̀-èdè méjèèjì kó wọn sí. Ìlú Ọba lẹ́tọ̀ọ́ sí 58 nínú wọn, kò sì sí èyí tí wọ́n kọ "tèmi" sí lára. Àdó tó ń wà lórí rẹ̀ ni Ìlú Ọba ń ṣe fúnra rẹ̀, ní Aldermaston. Ìjọba sọ pé olóòtú ìjọba nìkan ló lè pàṣẹ pé kí wọ́n yìn ín, òótọ́ sì ni, kò sí bọ́tìnnì kan ní Washington tó lè dí i lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tí aládùúgbò ń bá tún ìbọn rẹ̀ ṣe lọ́dọọdún kò lè bá aládùúgbò náà jà pẹ́ títí. Kí àjọṣe àwọn méjèèjì bàjẹ́ tán, bí ọdún mélòó bá kọjá, Trident á di irin lásán.

Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ báyìí

Ọkọ̀ mẹ́rin tí mo dárúkọ yẹn, ọdún 25 ni wọ́n ní lọ́kàn nígbà tí wọ́n ń kàn wọ́n. Vanguard wọ iṣẹ́ ogun ní 1993. Ẹ bá mi ṣírò rẹ̀. Nígbà tí wọ́n gbé e lọ sí Plymouth fún àtúnṣe ní ìparí ọdún 2015, ó lé ní ọdún méje kó tó jáde, oṣù karùn-ún ọdún 2023. Bí ọ̀kan bá wà lọ́dọ̀ mẹkáníìkì fún ọdún méje, àwọn mẹ́ta ló ń pín iṣẹ́ mẹ́rin ṣe. Bí òmíràn nínú mẹ́ta bá tún ń ṣàìsàn, èyí tó wà lójú òkun ò lè wálé títí tí ẹnì kejì rẹ̀ á fi ṣe tán. Ibẹ̀ ni ọjọ́ 204 ti wá. Kò sẹ́ni tó jókòó tó sọ pé kí àwọn èèyàn máa lo oṣù mẹ́fà lábẹ́ omi. Ìpinnu tí ìjọba kan ń sún síwájú fún òmíràn ló bí i, àwọn atukọ̀ sì ni wọ́n ń san gbèsè rẹ̀.

Àwọn ará ilé lè fi ọ̀rọ̀ ṣókí ránṣẹ́ sí wọn lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó wà nínú ọkọ̀ ò lè fèsì, torí èsì lè tú àṣírí ibi tí wọ́n wà. Àwọn ọ̀gá máa ń ka ìwé náà kó tó dé ọwọ́ ẹni tó ni ín. Bí ìyá ẹnì kan bá kú, wọ́n lè má sọ fún un títí tí ọkọ̀ fi máa gúnlẹ̀. Kí wọ́n tó lọ ni wọ́n ti máa ń bi kálukú bóyá yóò fẹ́ gbọ́ tàbí kò ní fẹ́ gbọ́. Fún àwa tí a máa ń ju gbogbo iṣẹ́ sílẹ̀ lọ sin òbí, ìyẹn ló wúwo jù lójú tèmi nínú gbogbo ọ̀rọ̀ yìí.

Mísáìlì náà fúnra rẹ̀ ńkọ́? Àdánwò tó lé ní 190 ló ti yọrí, ọ̀pọ̀ jù lọ láti inú ọkọ̀ Amẹ́ríkà. Ṣùgbọ́n méjì tí Ìlú Ọba ṣe kẹ́yìn ló kùnà. Ní oṣù kẹfà ọdún 2016, èyí tí HMS Vengeance yìn nítòsí Florida ṣìnà. Ní ọjọ́ 18 oṣù keje, ilé aṣòfin dìbò pé kí wọ́n kan ọkọ̀ tuntun fún Trident, 472 fara mọ́ ọn, 117 kọ̀. Ẹnikẹ́ni ò sọ fún àwọn aṣòfin wọ̀nyẹn pé àdánwò kan ṣẹ̀ṣẹ̀ bàjẹ́. Ìwé ìròyìn ló tú àṣírí rẹ̀ ní oṣù kìíní ọdún 2017. Wọ́n bi Theresa May, tó jẹ́ olóòtú ìjọba nígbà náà, lórí tẹlifíṣọ̀n lẹ́ẹ̀mẹrin bóyá ó mọ̀ nígbà tó ń bá ilé aṣòfin sọ̀rọ̀, kò dáhùn. Ó ṣeé ṣe kí ìbò náà má yí padà bí wọ́n bá tilẹ̀ mọ̀. Síbẹ̀, ẹni tí wọ́n ní kó ná ọ̀pọ̀ bílíọ̀nù lẹ́tọ̀ọ́ láti mọ̀ bí ọjà náà ṣe ń ṣiṣẹ́, mi ò rí àwáwí kankan tó lè bo ìyẹn.

Ní oṣù kìíní ọdún 2024, Vanguard tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ tún ṣe yin tirẹ̀, Grant Shapps tó jẹ́ mínísítà ètò ààbò sì wà nínú ọkọ̀ náà. Ẹ́ńjìnnì ìpele àkọ́kọ́ kò ṣiṣẹ́ bó ṣe yẹ, mísáìlì náà já padà sínú omi nítòsí ọkọ̀. Kò sí àdó lórí rẹ̀. Ìjọba ní ìṣẹ̀lẹ̀ àdánwò yẹn nìkan ló fà á, pé kò kan bí ohun ìjà náà ṣe ṣeé gbẹ́kẹ̀ lé.

Lẹ́tà tí wọ́n fi ọwọ́ kọ

Bí gbogbo London bá ti pa run, tí kò sẹ́ni tó lè pàṣẹ mọ́, kí ni ọ̀gá ọkọ̀ máa ṣe? Iṣẹ́ tó wà lára àkọ́kọ́ tí olóòtú ìjọba tuntun máa ń ṣe ni láti jókòó, kó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ lẹ́tà mẹ́rin tó bára mu, ọ̀kan fún ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan. Inú àpótí irin tó wà nínú àpótí irin mìíràn ni wọ́n ń tì í mọ́. Ó lè sọ pé kí wọ́n gbẹ̀san, ó lè ní kí wọ́n má ṣe é, ó lè fi sí ọwọ́ ọ̀gá ọkọ̀ láti pinnu. Bí olóòtú ìjọba bá kúrò nípò, wọ́n á ba lẹ́tà náà jẹ́ láìṣí i. James Callaghan, tó wà nípò láti 1976 sí 1979, sọ nígbà tó yá pé bó bá di dandan, òun ì bá pàṣẹ, ṣùgbọ́n pé bí òun bá yè é, òun ò ní lè dárí ji ara òun láé. Ní 2015, Jeremy Corbyn, tó jẹ́ olórí ẹgbẹ́ Labour nígbà náà, sọ ní tirẹ̀ pé òun ò ní lò ó láé, ariwo tó tẹ̀ lé e pọ̀.

Láti oṣù kọkànlá ọdún 2024 tí Kemi Badenoch, ọmọ Yorùbá, ti di olórí ẹgbẹ́ Conservative, lẹ́tà yìí ti sún mọ́ ilé wa. Ẹni tó bá ń lé ipò olóòtú ìjọba ń lé kálámù yẹn pẹ̀lú.

Àwọn mìíràn náà ń kàn tiwọn. Amẹ́ríkà, Rọ́ṣíà, Faransé àti Ṣáínà ti wà níbẹ̀ tipẹ́. Íńdíà fi ọkọ̀ abẹ́ omi INS Arihant kún un ní 2016, wọ́n sì fi Arighaat tẹ̀ lé e ní 2024. Kòríà Àríwá yin tirẹ̀ láti abẹ́ omi ní 2016. Kòríà Gúúsù yin tirẹ̀ ní 2021, òun nìkan ló ní irú mísáìlì yìí tí kò ní àdó núkílíà. Nàìjíríà yan ọ̀nà mìíràn: ní ọjọ́ 6 oṣù kẹjọ ọdún 2020, tó jẹ́ ọdún 75 gééré tí àdó bọ́ sí Hiroshima, ó fi òǹtẹ̀ lu àdéhùn àgbáyé tó fòfin de ohun ìjà núkílíà. Olómìnira Benin ṣe bẹ́ẹ̀ kí ọdún náà tó parí. Kò sí ọ̀kankan nínú àwọn tó ní ohun ìjà náà tó fọwọ́ sí i.

Ní Barrow-in-Furness, ní àríwá-ìwọ̀-oòrùn England, wọ́n ń kan ọkọ̀ mẹ́rin tó máa gba iṣẹ́ lọ́wọ́ àwọn Vanguard. Dreadnought ni èyí àkọ́kọ́ ń jẹ́. Bílíọ̀nù 31 pọ́n-ùn ni wọ́n ní yóò ná wọn, wọ́n sì ya bílíọ̀nù 10 mìíràn sọ́tọ̀ bí owó ò bá tó. Ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 2030 ni wọ́n dá fún un pé kó wọ òkun. Títí dìgbà náà, àwọn àgbà mẹ́rin yẹn ni yóò ṣì máa lọ tí wọn yóò sì máa bọ̀, bí ara wọn bá gbà. Àwọn tuntun náà á wà lẹ́nu iṣẹ́ títí wọ àwọn ọdún 2060. Nínú àwọn tó máa wọlé kẹ́yìn sínú wọn, tí yóò sì máa ka ìwé ránpẹ́ ilé wọn láìlè fèsì, a ò tíì bí òmíràn.